Akọni Wo Ni À Ń Fi Han Àwọn Ọmọ Wa? Ọ̀rọ̀ Láti Ìlú Tìmì

Ọ̀rọ̀ tí a mú wá lónìí lè dàbí ọ̀rọ̀ ọmọdé lójú àwọn kan, ṣùgbọ́n ẹni tí ó bá fara balẹ̀ gbọ́ ọ yóò rí i pé ọ̀rọ̀ àgbà ni. Ó dá lórí ìtàn tí à ń sọ fún àwọn ọmọ wa, àti irú ènìyàn tí à ń pè ní akọni nínú ìtàn bẹ́ẹ̀.

Bí ènìyàn bá pe ọmọ ọdún mẹ́jọ kan ní Ẹdẹ lónìí, tí ó bi í pé, "Akọni wo ni o fẹ́ jọ?" ó ṣeé ṣe kí ọmọ náà dárúkọ Superman tàbí Spider-Man tí ó rí nínú tẹlifíṣọ̀n tàbí lórí fóònù ìyá rẹ̀. Kò sí ẹ̀ṣẹ̀ lọ́rùn ọmọ náà. Oúnjẹ tí a bá gbé síwájú ọmọ ni ọmọ ń jẹ. Ṣùgbọ́n ìlú tí ó jókòó sí, tí ó ti ń wo ẹni tí ń fò láti orí ilé kan dé òmíràn ní Amẹ́ríkà, ìlú akọni ni. Ìlú tafàtafà ni, ìlú ẹni tí a gbọ́ pé ọfà rẹ̀ a máa jó bí iná. Bí ọmọ Ẹdẹ bá wá dàgbà láì mọ Tìmì Àgbàlé Ọlọ́fà-iná, àwa àgbà ni a gbàgbé láti sọ fún un.

Ìdí méjì ni ó fà á. Ìkíní ni pé ọwọ́ wa dí. Ìyá ti jí lọ sí ọjà, bàbá ti gba ọ̀nà oko tàbí ibi iṣẹ́ lọ, nígbà tí àwọn méjèèjì bá sì padà lálẹ́, ó ti rẹ̀ wọ́n, fóònù ni wọ́n ń gbé lé ọmọ lọ́wọ́ kí ó lè dákẹ́. Ìdí kejì ni ó tilẹ̀ wúwo jù. Àwọn òbí Mùsùlùmí mìíràn ń bẹ̀rù. Wọ́n ń sọ nínú ọkàn wọn pé: "Ọfọ̀ àti oògùn kún inú ìtàn Tìmì, Ṣàngó sì wà nínú rẹ̀. Bí mo bá sọ ọ́ fún ọmọ mi, ṣé n kò ní fi ọwọ́ ara mi ba ìgbàgbọ́ rẹ̀ jẹ́?" Ìbéèrè gidi ni èyí, kò yẹ kí ẹnikẹ́ni fi ẹ̀rín bò ó. Òun gan-an ni a fẹ́ dáhùn.

ÌTÀN ỌLỌ́FÀ-INÁ

Ẹ jẹ́ kí a kọ́kọ́ rántí ìtàn náà ní ṣókí. Ní ìgbà láéláé, àwọn oníṣòwò Ọ̀yọ́ kò rí ọ̀nà gbà lọ sí ọjà ní àlàáfíà, nítorí àwọn Ìjẹ̀ṣà a máa dà wọ́n láàmú. Nígbà tí ẹjọ́ pọ̀ lọ́dọ̀ Aláàfin, ọba rán akọni tafàtafà kan kí ó lọ dó sí ẹ̀bá odò Ọ̀ṣun, kí ó máa ṣọ́ ọ̀nà. Akọni náà ni Tìmì Àgbàlé, ibi tí ó dó sí ni ó sì di Ẹdẹ. Ẹ̀yin oníṣòwò, ẹ gbọ́ èyí dáradára: nítorí kí ọjà lè ná, kí ẹni tí ó ru ẹrù lè dé ilé láyọ̀, ni a fi tẹ ìlú yìí dó.

Lẹ́yìn èyí ni ọ̀rọ̀ dàrú. Tìmì di alágbára, ọba Ọ̀yọ́ sì bẹ̀rẹ̀ sí í fura sí i. Wọ́n rán Gbọ̀ńkáà, akọni bíi tirẹ̀, pé kí ó lọ mú un wá. Ìjà àwọn méjèèjì, bí Gbọ̀ńkáà ṣe borí, bí Tìmì ṣe kú ní Ọ̀yọ́, àti bí ọwọ́ ọba fúnra rẹ̀ ṣe tẹ èrè ìlara rẹ̀ níkẹyìn, gbogbo rẹ̀ ni àwọn àgbà ń sọ. Nínú ìwé ìtàn Yorùbá tí Àlùfáà Samuel Johnson kọ, tí ó jáde ní 1921, ìgbà Aláàfin Kòrí ni wọ́n rán Tìmì lọ sí Ẹdẹ. Àwọn mìíràn sọ pé ìgbà Ṣàngó ni. Ti ìgbà Ṣàngó yìí ni olóògbé Dúró Ládiípọ̀ gbà tí ó fi ṣe eré Ọba Kò So ní Òṣogbo ní 1963, eré tí ó gbé dé ìlú Berlin ní ilẹ̀ Jámánì ní 1964.

Kì í ṣe ẹnu lásán ni ìtàn yìí dúró lé. Ọ̀jọ̀gbọ́n Akin Ogundiran, ọ̀mọ̀wé tí ń wa ilẹ̀ láti wádìí ìgbésí ayé àwọn ará àtijọ́, ti ṣiṣẹ́ ní Ẹdẹ-Ilé, ibi tí ìlú wà kí ó tó ṣí. Ó rí egungun ẹṣin níbẹ̀, ó sì rí igi oṣè, bẹ́ẹ̀ ni a sì mọ̀ pé ilẹ̀ ọ̀dàn ni igi oṣè ti wá, kì í ṣe inú igbó tiwa. Ohun tí ó fà yọ ni pé àwọn ará Ọ̀yọ́ ni wọ́n wá dó síbẹ̀ lóòótọ́, ní nǹkan bí 400 ọdún sẹ́yìn. Kò sí ẹni tí yóò wú ọfà iná jáde nínú ilẹ̀, ṣùgbọ́n ilẹ̀ ti jẹ́rìí pé a rán àwọn ènìyàn láti Ọ̀yọ́ wá. Èyí kọ́ wa pé nínú ìtàn kan náà, apá kan lè jẹ́ ohun tí ó ṣẹlẹ̀, kí apá kejì jẹ́ ọ̀ṣọ́ tí àwọn apohùn fi ṣe é lẹ́wà. Ẹ fi èyí sọ́kàn, a óò padà bá a.

OHUN TÍ ÀWỌN Ọ̀MỌ̀WÉ WÍ NÍPA AKỌNI

Àwọn ọ̀mọ̀wé ayé ti ṣe làálàá púpọ̀ lórí ọ̀rọ̀ akọni. Ní 1928, ọ̀mọ̀wé kan ní ilẹ̀ Rọ́ṣíà, Vladimir Propp, tú 100 àlọ́ ilẹ̀ wọn wò bí a ti ń tú ẹ̀rọ wò. Ó ní ìṣẹ̀lẹ̀ 31 ni wọ́n fi ń hun gbogbo wọn, àti pé bí ìtàn ti wù kí ó yàtọ̀ tó, àwọn ìṣẹ̀lẹ̀ náà kì í yí ipò padà. Ní 1936, ìjòyè Gẹ̀ẹ́sì kan tí ń jẹ́ Lord Raglan to àmì 22 jọ, ó ní a lè fi wọ́n díwọ̀n ìgbésí ayé àwọn akọni inú ìtàn àtijọ́ láti ọjọ́ ìbí wọn títí dé ọjọ́ ikú. Nígbà tí ó di 1949, Joseph Campbell ará Amẹ́ríkà kọ ìwé kan tí ó lókìkí káàkiri ayé. Ó ní ọ̀nà kan ṣoṣo ni akọni gbogbo ilẹ̀ ń tọ̀: ó fi ilé sílẹ̀, ó rí ìdánwò lọ́nà, ó sì padà wálé pẹ̀lú ohun rere fún àwọn ènìyàn rẹ̀.

Ẹ̀yin oníṣòwò kò nílò kí ẹnikẹ́ni túmọ̀ èyí fún yín. Ìrìn àjò yín ni. Ẹ fi ilé sílẹ̀ kí ilẹ̀ tó mọ́, ẹ pàdé òjò, ẹ pàdé ọ̀nà tí ó bàjẹ́, ẹ pàdé oníbàárà tí kò fẹ́ san owó, ẹ sì padà wálé kí ọmọ lè jẹun. Ìdí nìyí tí irú ìtàn bẹ́ẹ̀ fi ń dùn mọ́ ènìyàn, nítorí ó jọ ìgbésí ayé.

Àwọn ọ̀mọ̀wé kan tilẹ̀ rò nígbà kan pé àwa aláwọ̀ dúdú kò ní ìtàn gígùn ti akọni. Ní 1970, Ruth Finnegan kọ ìwé ńlá kan lórí lítíréṣọ̀ àtẹnudẹ́nu ilẹ̀ Áfíríkà, ó sì ṣiyèméjì nínú rẹ̀ bóyá irú ìtàn akọni bẹ́ẹ̀ wà lọ́dọ̀ wa. Ọmọ Nàìjíríà kan, Ọ̀jọ̀gbọ́n Isidore Okpewho, fèsì ní 1979. Ó fi ìtàn Sundiata ti ilẹ̀ Mali àti àwọn mìíràn hàn gbangba pé a ní in, a sì ní in dáradára.

Ṣùgbọ́n òṣùwọ̀n àwọn ọ̀mọ̀wé wọ̀nyí, bí òṣùwọ̀n ọjà ni. A kì í fi ọ̀pá ìwọnṣọ wọn epo. Ẹ fi ọ̀nà Campbell wọn Tìmì, ẹ ó rí i pé kò gún. Tìmì fi Ọ̀yọ́ sílẹ̀ lóòótọ́, ó sì rí ìdánwò, ṣùgbọ́n nígbà tí ó padà, ikú ni ó padà sí. Akọni tiwa kì í ṣe ẹni tí ń borí nígbà gbogbo. Ìtàn rẹ̀ ń bá ẹni tí ó wà lórí oyè wí pé kí ó má ṣe ìlara ẹni tí ó rán níṣẹ́, ó sì ń bá ẹni tí a rán níṣẹ́ wí pé kí agbára má ṣe gùn ún. Ọmọ tí ó bá gbọ́ èyí ti gbọ́ ohun tí kò sí nínú eré ẹni tí ń fò lórí òrùlé.

Àwọn tí ń ṣe ìwádìí lórí ìwé ọmọdé náà ní ọ̀rọ̀ tí ó wúlò. Ní 1990, ọ̀mọ̀wé obìnrin kan, aláwọ̀ dúdú ní Amẹ́ríkà, Rudine Sims Bishop, sọ pé ìwé gbọdọ̀ jẹ́ dígí fún ọmọ, kí ó sì tún jẹ́ fèrèsé. Nínú dígí, ọmọ yóò rí ara rẹ̀. Lójú fèrèsé, yóò rí àwọn ẹlòmíràn. Ọmọ tí ó ní fèrèsé nìkan, tí kò ní dígí, yóò máa rò pé àwọn ẹlòmíràn nìkan ni Ọlọ́hun dá láti ṣe ohun ńlá. Chinua Achebe rí ewu yìí nínú ilé ara rẹ̀ nígbà tí ó ṣàkíyèsí ẹ̀kọ́ tí kò dára tí ọmọbìnrin rẹ̀ kékeré ń fà yọ nínú ìwé tí a kó wá láti òkè òkun. Òun náà wá kọ ìwé fún àwọn ọmọdé, Chike and the River, tí ó jáde ní 1966. Bákan náà ni Arábìnrin Mabel Segun dá ẹgbẹ́ kan sílẹ̀ ní 1978 fún ìtẹ̀síwájú ìwé àwọn ọmọdé ní Nàìjíríà, tí ó sì dá ilé ìwádìí lórí rẹ̀ sílẹ̀ ní Ìbàdàn ní 1990.

ÌWÉ TÍ ÀWỌN BÀBÁ WA KÀ

Ní èdè Yorùbá, ta ni ó fún wa ní dígí? Gbogbo ẹni tí ó bá ti dàgbà yóò dárúkọ D. O. Fágúnwà. Ògbójú Ọdẹ nínú Igbó Irúnmọlẹ̀ jáde ní 1938, àwọn mìíràn sì tẹ̀ lé e títí dé Àdììtú Olódùmarè ní 1961. Ọ̀jọ̀gbọ́n Ayọ̀ Bámgbóṣé kọ odindi ìwé lórí iṣẹ́ rẹ̀ ní 1974. Akọni Fágúnwà, ọdẹ ni. Ó ń wọ igbó, ó ń bá iwin jà, ó ní oògùn lápò, síbẹ̀ ó ń ké pe Ọlọ́run nígbà ìpọ́njú. Olùkọ́ ni Fágúnwà, Kìrìsìtẹ́nì ni pẹ̀lú, ìgbàgbọ́ rẹ̀ sì hàn nínú ìwé rẹ̀. Ọ̀pọ̀ ọmọ Mùsùlùmí ni ó ka àwọn ìwé wọ̀nyí nílé ìwé, tí wọ́n gbádùn wọn, tí wọ́n sì tún padà lọ jókòó sí ilé-kéwú nírọ̀lẹ́ tí wàláà wà lórí itan wọn. Kò sí ẹni tí yóò sọ pé iwin inú Fágúnwà ni ó mú wọn kúrò nínú ẹ̀sìn.

Ṣùgbọ́n ẹ jẹ́ kí a bi ara wa léèrè: kí ni ó dé tí kò fi sí Fágúnwà kan láàárín wa ní ìgbà yẹn? Ẹ̀rù ló fà á, ẹ̀rù náà sì ní ìdí. Ọwọ́ ìjọ àwọn òyìnbó ni ilé ìwé wà, àwọn bàbá wa sì rí ọmọ tí a mú lọ síbẹ̀ ní Mùsùlùmí, tí ó jáde pẹ̀lú orúkọ mìíràn àti ẹ̀sìn mìíràn. Ìdí nìyí tí ọ̀pọ̀ fi dá ọmọ wọn dúró sílé. Ìdí nìyí pẹ̀lú tí a fi dá ẹgbẹ́ Ansar-Ud-Deen sílẹ̀ ní Èkó ní 1923, kí àwọn ọmọ Mùsùlùmí lè ní ilé ìwé tiwọn. Nígbà tí ìjọba Ìwọ̀-Oòrùn sọ ẹ̀kọ́ alákọ̀ọ́bẹ̀rẹ̀ di ọ̀fẹ́ ní 1955, ilẹ̀kùn ṣí gbayawu. Ṣùgbọ́n ẹni tí ó pẹ́ dé ìdí ìwé kíkà yóò pẹ́ dé ìdí ìwé kíkọ. Àní Alùkùránì tí a kọ́kọ́ tẹ̀ ní èdè Yorùbá ní 1906, àlùfáà ìjọ Kìrìsìtẹ́nì, M. S. Cole, ni ó túmọ̀ rẹ̀. Ẹni tí ó bá jókòó títí kí ẹlòmíràn bá òun sọ ìtàn òun, kò gbọdọ̀ bínú bí ìtàn náà kò bá rí bí òun ti fẹ́.

AKỌNI INÚ ALÙKÙRÁNÌ

Bẹ́ẹ̀ sì ni kì í ṣe pé a kò ní akọni. Nínú Súrátù Ànbíyá, nígbà tí àwọn abọ̀rìṣà bá òrìṣà wọn ní fífọ́, tí wọ́n ń wádìí ẹni tí ó ṣe é, wọ́n ní àwọn gbọ́ nípa ọ̀dọ́mọkùnrin kan tí ń jẹ́ Íbúráhímù. Ọ̀rọ̀ Lárúbáwá tí Alùkùránì lò níbẹ̀ ni fatā, ọ̀dọ́. Irú ọ̀rọ̀ kan náà ni ó lò nínú Súrátù Kahfi fún àwọn ọ̀dọ́ tí wọ́n sá wọ inú ihò àpáta nítorí ìgbàgbọ́ wọn. Inú ọ̀rọ̀ yìí ni àwọn Lárúbáwá ti yọ futuwwa, èyí tí í ṣe ìwà akọni: ìgboyà, ọ̀làwọ́, àti pípa àdéhùn mọ́. Ẹ kíyè sí i pé ọ̀dọ́ ni Ọlọ́hun fi ṣe àpẹẹrẹ níbẹ̀, kì í ṣe arúgbó. Ọ̀rọ̀ akọni àti ọ̀rọ̀ ọmọdé ti pàdé nínú Alùkùránì tipẹ́tipẹ́ kí àwọn ọ̀mọ̀wé tó dé.

Ọmọ ìlú Ọlọ́fà-iná ní láti gbọ́ nípa ẹni tí a jù sínú iná tí iná náà sì tutù mọ́ ọn. Bí ó bá gbọ́ méjèèjì, yóò fi wọ́n wéra fúnra rẹ̀: ọ̀kan ń fi iná jà, èkejì kò ní ohun ìjà kankan àyàfi Olúwa rẹ̀.

Ànọ́bì Yúsúfù ńkọ́? Àwọn ọmọ ìyá rẹ̀, bí a ti ń wí, jù ú sí kànga. Àwọn oníṣòwò tí ń kọjá lọ fà á yọ, wọ́n sì tà á ní owó táṣẹ́rẹ́. Ẹ̀yin ọlọ́jà, ẹ ronú sí èyí: ẹni tí a tà ní ọ̀pọ̀ ni ó di olùtọ́jú àká oúnjẹ gbogbo ilẹ̀ Íjíbítì ní ọdún ìyàn, tí àwọn tí ó jù ú sí kànga sì wá ra oúnjẹ lọ́wọ́ rẹ̀. Ó lè gbẹ̀san, ṣùgbọ́n ó dáríjì wọ́n. Ẹni tí ó bá ń wá ọ̀nà Campbell yóò rí i nínú ìtàn yìí, ìjádelọ, ìdánwò àti ìpadàpọ̀. Ṣùgbọ́n ohun tí ó mú un yàtọ̀ kò sí nínú òṣùwọ̀n náà. Yúsúfù kò fi idà borí, sùúrù ni ó fi borí. Bẹ́ẹ̀ ni kò fi ògo náà fún ara rẹ̀, Ọlọ́hun ni ó fi í fún. Alùkùránì fúnra rẹ̀ pe ìtàn yìí ní èyí tí ó dára jù lọ nínú ìtàn, ó sì fi odindi súrà tí ó ní àáyà 111 sọ ọ́.

Kí ẹnikẹ́ni má sì rò pé ọkùnrin nìkan ni akọni. Nígbà tí ìyá Ànọ́bì Músá gbé ọmọ rẹ̀ sínú odò nítorí ìbẹ̀rù Fìríàónà, ó rán ẹ̀gbọ́n ọmọ náà, ọmọbìnrin, pé kí ó máa tọpa rẹ̀. Ọmọbìnrin náà ń wò ó láti òkèèrè, kò pariwo, kò sì jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fura. Nígbà tí ọmọ náà kọ ọyàn gbogbo alágbàtọ́, òun ni ó jáde wá, tí ó fi ọgbọ́n sọ pé òun mọ ilé kan tí wọ́n lè bá wọn tọ́ ọ. Báyìí ni ọmọ ṣe padà sí àyà ìyá rẹ̀. Súrátù Qasasi ni ó wà. Ẹ sọ èyí fún ọmọbìnrin yín tí ń kọjá lórí afárá Ọ̀ṣun lọ sí ilé ìwé, kí ẹ sì wo ojú rẹ̀.

IGBÁ MẸ́TA

Nísinsin yìí, a lè dáhùn ìbéèrè òbí tí ń bẹ̀rù. Ìyá oníṣòwò kì í da gàrí, ìrẹsì àti ẹ̀wà pọ̀ sínú igbá kan. Gbogbo wọn ni oúnjẹ, ṣùgbọ́n ọ̀tọ̀ ni igbá wọn, ọ̀tọ̀ ni iye tí ó ń ta wọ́n. Bẹ́ẹ̀ gan-an ni ìtàn.

Igbá kìíní ni ìtàn àwọn Ànọ́bì. Òtítọ́ láti ọ̀dọ̀ Ọlọ́hun ni. A kò gbọdọ̀ fi adùn ẹnu kún un, a kò gbọdọ̀ yọ níbẹ̀, a kò sì gbọdọ̀ ya àwòrán àwọn Ànọ́bì sínú ìwé. Ẹni tí yóò bá sọ ọ́ fún ọmọ yóò kọ́kọ́ bi àfáà tí ó mọ̀ ọ́n.

Igbá kejì ni ìtàn ìlú. Ìtàn Tìmì wà níbẹ̀. Ènìyàn ni ó ń sọ ọ́, ènìyàn sì ń gbàgbé, ó sì ń fi kún un. Nítorí náà, a ń yẹ̀ ẹ́ wò, a ń gbọ́ ti Johnson, a ń gbọ́ ti Ládiípọ̀, a ń gbọ́ ti ẹni tí ó wa ilẹ̀. Ibi tí ọfọ̀ àti oògùn bá ti jáde, ẹ sọ fún ọmọ láìfi pamọ́ pé, "Bí àwọn ará àtijọ́ ti gbà á gbọ́ nìyí. Àwa mọ̀ pé kò sí agbára àyàfi lọ́dọ̀ Ọlọ́hun." Gbólóhùn kan péré ni, ó sì tó.

Igbá kẹta ni àlọ́. Ìjàpá wà níbẹ̀, gbogbo ènìyàn sì mọ̀ pé kò ṣẹlẹ̀. Ọ̀jọ̀gbọ́n Adébóyè Babalọlá kó wọn jọ sínú Àkójọpọ̀ Àlọ́ Ìjàpá ní 1973. Ìjàpá kì í tilẹ̀ ṣe akọni. Ọlọ́gbọ́n ẹ̀wẹ́ ni, ẹ̀tàn rẹ̀ sì ń padà sí i lórí ní ọ̀pọ̀ ìgbà. Àwọn baba ńlá wa ti fi òye pín èyí sọ́tọ̀ tẹ́lẹ̀, nítorí ẹni tí yóò pa àlọ́ yóò kọ́kọ́ kéde pé àlọ́ ni.

Ọmọ tí a bá kọ́ láti mọ igbá tí ìtàn kọ̀ọ̀kan ti wá, ìtàn kò lè ba ìgbàgbọ́ rẹ̀ jẹ́. Ẹni tí ó wà nínú ewu ni ọmọ tí a fún ní gbogbo rẹ̀ pọ̀ láìṣàlàyé, àti ọmọ tí a kò fún ní ìkankan, tí fóònù wá ń fún ní tirẹ̀.

ỌBA TÍ Ó MỌ ÌTÀN

Bí ẹnikẹ́ni bá ṣì ń ṣiyèméjì, kí ó wo Ọba Abíbù Lágúnjú. Ọ̀kan nínú àwọn Mùsùlùmí àkọ́kọ́ tí ó gun orí ìtẹ́ nílẹ̀ Yorùbá ni. Ó jẹ Tìmì Ẹdẹ ní ìdajì ìkejì ọ̀rúndún tí ó parí ní 1900. Ìgbà tirẹ̀ ni Ìsìláàmù fẹsẹ̀ múlẹ̀ ní ààfin Ẹdẹ, tí a sì ń fi òfin ẹ̀sìn dá ẹjọ́ níbẹ̀. Ọ̀nà rẹ̀ kò rọrùn. Òun àti àwọn ará ìlú kò gbọ́ ara wọn yé, wọ́n yọ ọ́ kúrò lórí oyè, Ìbàdàn ni ó sì parí ayé rẹ̀ sí.

Ṣùgbọ́n ẹ gbọ́ ohun ìyanu. Nígbà tí Samuel Johnson, àlùfáà ìjọ Kìrìsìtẹ́nì, ń kó ìtàn Yorùbá jọ, ó jókòó sọ́dọ̀ àwọn àgbà láti gbọ́ tẹnu wọn. Nínú ọ̀rọ̀ ìṣáájú ìwé rẹ̀, ó dárúkọ àwọn tí ó ràn án lọ́wọ́, ó sì dárúkọ Lágúnjú, Tìmì Ẹdẹ, gẹ́gẹ́ bí òpìtàn tí gbogbo ilẹ̀ mọ̀, tí gbogbo ilẹ̀ sì gbẹ́kẹ̀ lé. Johnson parí ìwé náà ní 1897, ó kú ní 1901 láì rí i ní títẹ̀. Ìwé náà tilẹ̀ sọnù lọ́wọ́ àwọn tí ó yẹ kí wọ́n tẹ̀ ẹ́, kí àbúrò rẹ̀, Dókítà Obadiah Johnson, tó tún un kọ láti inú àkọsílẹ̀ tí ó kù, tí ó sì jáde ní 1921.

Kí ni a rí kọ́? Mùsùlùmí tí ó le nínú ẹ̀sìn rẹ̀ dé ibi tí ó fi pàdánù adé, òun kan náà ni ó pa ìtàn ilẹ̀ Yorùbá mọ́ sínú, tí ó sì sọ ọ́ fún Kìrìsìtẹ́nì kí ó lè kọ ọ́ sílẹ̀. Kò rò pé kí òun tó lè jẹ́ Mùsùlùmí òun gbọ́dọ̀ gbàgbé ẹni tí ó tẹ ìlú òun dó. Lẹ́yìn rẹ̀, Ẹdẹ jẹ ọba Kìrìsìtẹ́nì, Ọba John Adétóyèsé Láoyè, tí ó jọba láti 1946 sí 1975, tí òkìkí ìlù dùndún rẹ̀ kàn dé òkè òkun. Láti 2008 ni Ọba Munirudeen Adéṣọlá Lawal, tí í ṣe Mùsùlùmí, ti wà lórí ìtẹ́. Ìtẹ́ kan náà ni, ìtàn kan náà ni wọ́n jọ jogún. Ìwà ìfọwọ́sowọ́pọ̀ yìí ni ó mú kí àwọn ọ̀mọ̀wé Insa Nolte, Olúkọ̀yà Ògèn àti Rebecca Jones kó odindi ìwé jọ lórí Ẹdẹ ní 2017.

OHUN TÍ Ó KÙ SÍ WA LỌ́WỌ́

Ẹ jẹ́ kí a sọ òótọ́ fún ara wa. Nígbà tí ọmọ bá ṣe wòlímọ̀, a ń ra aṣọ ẹbí, a ń pa màlúù, a ń pe olórin, owó ńlá ni ó ń lọ sí i. Ìwé mélòó ni ọmọ náà ń gbé lọ sílé? A kò sọ pé kí a má ṣe ayẹyẹ. Ohun tí a ń sọ ni pé kí a yọ díẹ̀ nínú owó náà láti ra ìwé Yorùbá kan tàbí méjì fún ọmọ, kí ó lè mọ̀ pé ẹ̀san ìwé kíkà ni ìwé.

Ẹ̀yin ẹgbẹ́ ọlọ́jà, ẹ mọ àjọ dídá. Ẹgbẹ́ tí ó lè dá àjọ láti ra ọjà lè dá àjọ láti tẹ ìwé kékeré kan jáde: ìtàn Ànọ́bì kan tí àfáà ti yẹ̀ wò, àti ìtàn ìlú kan tí àwọn òpìtàn ti yẹ̀ wò, ní Yorùbá tí ó já gaara, kí a má ṣe dà wọ́n pọ̀. Ẹ̀yin àfáà, ẹ fi ìdámẹ́rin wákàtí kan sílẹ̀ lọ́jọ́ kan lọ́sẹ̀ ní ilé-kéwú láti sọ ìtàn inú súrà tí ọmọ ń kà ní èdè tí ó gbọ́. Ọ̀pọ̀ ọmọ ni ó ti ka Súrátù Yúsúfù tán láì mọ̀ pé ìtàn ọmọ bíi tiwọn ni.

Ẹ̀yin òbí, tiyín ni ó rọrùn jù. Lálẹ́ ọjọ́ kan lọ́sẹ̀, ẹ pa fóònù. Ẹ sọ ìtàn kan, kí ẹ sì bi ọmọ ní ìbéèrè mẹ́ta: Inú igbá wo ni ìtàn yìí ti wá? Kí ni akọni yìí ṣe tí ó dára? Kí ni ó ṣe tí ìwọ kò ní ṣe? Bí ọmọ bá lè dáhùn ẹ̀kẹta, ẹ dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́hun, nítorí làákàyè ti ń dé nìyẹn. Àwọn àgbà ní ilé ni a ti ń kó ẹ̀ṣọ́ ròde. Ọmọ tí kò bá rí akọni kankan nílé, òde ni yóò ti lọ wá a, kò sì sí ẹni tí ó mọ irú èyí tí yóò mú bọ̀.

Kí Ọlọ́hun Ọba fún wa ní ọmọ tí yóò ní ìgboyà Íbúráhímù àti sùúrù Yúsúfù, kí ó má jẹ́ kí ìtàn wa parẹ́ mọ́ wa lọ́wọ́. Àmín.